Ìwé-Àṣẹ Oníṣòwò àti Ọjọ́ Mẹ́rìnlá ní Tamale

Ní àwọn ìlú bí Ògbòmọ̀ṣọ́, Ìgbẹ́tì, Ṣakí, Ìgbòho àti Ọ̀fà, àwọn àgbàlagbà kan wà tí wọn kì í fi ogun abẹ́lé Nàìjíríà ṣírò ọjọ́ orí ọmọ wọn. Ọdún tí Gánà lé wọn ni wọ́n fi ń ṣírò rẹ̀. Wọn a ní kí àwọn tó ti Tamale dé ni àwọn bí lágbájá, tàbí pé ó di ọdún kejì tí àwọn ti Gánà dé kí tàmẹ̀dò tó wọ ilé-ìwé. Ohun tí ó sọ ọdún náà di òpó tí wọ́n so ìrántí wọn mọ́ ni a ó sọ̀rọ̀ lé lórí lónìí, nítorí pé ọ̀ràn tí ó wà nínú rẹ̀ kò tíì tán nílẹ̀. Bí ìjọba bá fún oníṣòwò ní ìwé-àṣẹ, èyí tí a ń pè ní láísẹ́ǹsì, tí ó sì fẹ́ gbà á padà, ǹjẹ́ ó pọn dandan kí ó kọ́kọ́ gbọ́ ti ẹnu rẹ̀, tàbí ẹni tí ó fúnni ní nǹkan lè gbà á nígbà tí ó bá wù ú?

Tamale kì í ṣe ìlú àjèjì sí àwọn Yorùbá. Ní ọdún 1907 ni àwọn Gẹ̀ẹ́sì kó olú-iṣẹ́ ìjọba wọn ní apá òkè Gold Coast kúrò ní Gambaga wá sí Tamale, ní ilẹ̀ àwọn Dagomba. Bí ìjọba ti dé ni ọjà ń gbòòrò, nígbà tí ọ̀nà mọ́tò sì ti Kumasi dé ibẹ̀, ọjà di ńlá. Àwọn ará wa tí wọ́n kọ́kọ́ dé ìhà ibẹ̀ kò rí mọ́tò wọ̀. Ẹsẹ̀ ni wọ́n fi rìn. Wọ́n ru aṣọ òfì àti wósìwósì lórí, wọ́n gba ilẹ̀ Bàrìbá kọjá, wọ́n gba ilẹ̀ Togo, wọ́n ń tajà ní ìlú kan, wọ́n ń sùn ní ìlú kejì, títí wọ́n fi dé Yendi àti Salaga. Lẹ́yìn náà ni ó di pé ènìyàn lè wọ ọkọ̀ ojú omi ní Èkó lọ sí Accra, kí ó sì wọ ọkọ̀ akẹ́rù láti ibẹ̀ lọ sí òkè. Kò sí ẹni tí ó béèrè ìwé lọ́wọ́ wọn, nítorí pé ọba Gẹ̀ẹ́sì kan náà ni ó ń ṣàkóso Èkó àti Accra, owó kan náà ni a sì ń ná ní ìlú méjèèjì. Nígbà tí a ka ènìyàn ní Gánà ní ọdún 1960, àwọn Yorùbá tí a bá níbẹ̀ lé ní 100,000.

Bí a ti ń di oníṣọ́ọ̀bù ní Tamale yẹ fún àlàyé díẹ̀, kí ó lè hàn sí wa irú ẹrù tí ìwé kékeré kan gbé dúró. Ẹni tí ó ti débẹ̀ ṣáájú ni yóò ránṣẹ́ sí ilé pé kí wọ́n fi àbúrò òun tàbí ọmọ ẹ̀gbọ́n òun ránṣẹ́. Ọmọ náà yóò sin ọ̀gá rẹ̀ fún ọdún mélòó kan, yóò máa gbé àtẹ kiri, yóò máa tẹ̀lé ọjà àwọn Dagomba, tí wọ́n ń ná ní ọjọ́ mẹ́fà mẹ́fà, láti ìletò dé ìletò. Nígbà tí ó bá yá, ọ̀gá yóò fún un ní owó díẹ̀ tàbí ọjà àwìn, yóò sì di ẹni ara rẹ̀. Láti orí àtẹ ni yóò bọ́ sí ìsọ̀, láti inú ìsọ̀ ni ó sì lè bọ́ sí ṣọ́ọ̀bù tí ó ní ilẹ̀kùn. Aṣọ ni àwọn kan ń tà. Àwọn mìíràn ń ta ẹ̀yà ara kẹ̀kẹ́ ológeere, tàbí àwo tánńganran, tàbí fìtílà, ọṣẹ, abẹ́rẹ́ àti òwú. Àwọn obìnrin ń ṣòwò tiwọn lọ́tọ̀, nítorí pé obìnrin Yorùbá kì í kó owó òwò rẹ̀ sí àpò ọkọ. Àwìn sì ni ó so gbogbo rẹ̀ pọ̀. Ẹni tí ó wà ní ṣọ́ọ̀bù a máa jẹ ilé-iṣẹ́ òyìnbó ní gbèsè, ẹni tí ó wà ní ìsọ̀ a máa jẹ ẹni tí ó wà ní ṣọ́ọ̀bù, àgbẹ̀ tí ó wà ní oko a sì máa jẹ ẹni tí ó wà ní ìsọ̀ títí ìkórè yóò fi dé.

Nínú gbogbo èyí, ìsọ̀ kì í ṣe ti ẹni tí ó jókòó sínú rẹ̀. Ìgbìmọ̀ ìlú ni ó ni ọjà. Olùtajà a máa san owó, a sì máa gba ìwé. Ẹni tí ìwé bá bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀, ìsọ̀ bọ́, ọjà inú rẹ̀ di ẹrù ilẹ̀, àwọn tí wọ́n jẹ ẹ́ ní gbèsè yóò sì máa retí ọjọ́ tí yóò kẹ́rù rẹ̀ lọ. Nítorí náà, bí òṣìṣẹ́ ìjọba bá ní ìwé lásán ni òun gbà, ẹ jẹ́ kí a rántí pé iṣẹ́ ogún ọdún lè wà lórí ìwé lásán náà.

Òmìnira Gánà ní ọjọ́ 6, oṣù kẹta, ọdún 1957 ni ó sọ àwọn Yorùbá Tamale di àjèjì, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé púpọ̀ nínú wọn kò mọ̀ ọ́n lára nígbà náà. Òfin ọmọ-ìlú tí Gánà ṣe ní ọdún náà sọ pé ẹni tí a bí sí ibẹ̀ ṣáájú òmìnira lè jẹ́ ọmọ Gánà bí a bá bí ọ̀kan nínú àwọn òbí rẹ̀, tàbí ọ̀kan nínú àwọn òbí àgbà rẹ̀, sí ibẹ̀ pẹ̀lú. Ẹ kíyè sí i dáradára. Ọmọ tí a bí ní Tamale fún bàbá àti ìyá tí wọ́n ti Ògbòmọ̀ṣọ́ wá kì í ṣe ọmọ Gánà. Ṣùgbọ́n bí ìyá rẹ̀ bá jẹ́ ẹni tí a bí ní Tamale tàbí ní Salaga, ọmọ Gánà ni. Àwọn méjèèjì lè jókòó ní ìsọ̀ tí ó fara kan ara wọn, kí wọ́n máa sọ èdè kan náà, kí wọ́n kọ ilà kan náà sí ojú. Ẹnikẹ́ni kò lè fi ojú lásán mọ èyí tí ó jẹ́ ọmọ ìlú nínú wọn. Àfi kí a bi wọ́n léèrè.

Ní ọdún 1963 ni òfin mìíràn jáde tí ó ní kí àjèjì gba ìwé ìgbélùú. Òfin náà wà, ṣùgbọ́n ọwọ́ tí a fi mú un kò le, ọ̀pọ̀ ènìyàn kò sì gba ìwé kankan. Ní ọdún 1968, ìjọba ológun tí ó gba ipò lọ́wọ́ Nkrumah ṣe òfin pé àwọn òwò kéékèèké kan di ti ọmọ Gánà nìkan. Òjò ti ń ṣú nìyẹn, ẹni tí ó bá gbọ́n ti lè rí i. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó ti rí ìjọba mẹ́ta kọjá ní ìlú kan, tí kò sì sí èyí tí ó lé e nínú wọn, kì í tètè kẹ́rù.

Ní oṣù kẹjọ ọdún 1969, ẹgbẹ́ òṣèlú Progress Party ti Ọ̀jọ̀gbọ́n Kofi Abrefa Busia wọlé ìbò. Ní ọjọ́ 18, oṣù kọkànlá, ọdún náà, ìjọba rẹ̀ kéde pé gbogbo àjèjì tí kò bá ní ìwé ìgbélùú gbọ́dọ̀ gbà á láàárín ọjọ́ mẹ́rìnlá, tàbí kí ó jáde kúrò ní Gánà. Ọjọ́ 2, oṣù kejìlá, ni gbèdéke pé. Ìdí tí ìjọba sọ kò ṣòro láti lóye: iṣẹ́ kò sí fún àwọn ọ̀dọ́ ilẹ̀ náà, gbèsè tí Nkrumah fi sílẹ̀ wúwo, àwọn aráàlú sì ń kùn pé àjèjì ni ó gba ọjà mọ́ wọn lọ́wọ́. Orílẹ̀-èdè tí ó gba òmìnira ní ẹ̀tọ́ láti sọ ẹni tí yóò gbé inú rẹ̀ àti ẹni tí yóò ṣòwò nínú rẹ̀. A kò bá Gánà jà lórí èyí. Ọ̀rọ̀ tiwa wà lórí ọjọ́ mẹ́rìnlá náà.

Kí ni oníṣòwò Tamale lè ṣe ní ọjọ́ mẹ́rìnlá? Ẹni tí ó bá fẹ́ gba ìwé ìgbélùú Gánà ní láti fi ìwé ìrìnnà ìlú tirẹ̀ hàn, Accra sì ni ọ́fíìsì aṣojú Nàìjíríà wà. Láti Tamale dé Accra lé ní 600 kìlómítà. Nígbà tí yóò bá fi débẹ̀, yóò bá èrò tí wọ́n ti Kumasi, Sekondi àti Koforidua dé ṣáájú rẹ̀. Bí ó bá dúró níbẹ̀, ta ni yóò bá a gba gbèsè rẹ̀ ní oko àwọn Dagomba? Bí ó bá sì lọ gba gbèsè, ta ni yóò bá a tò sí ìlà ní Accra? Èyí tí ó pọ̀ jùlọ nínú wọn kò rí ọ̀kan ṣe nínú méjèèjì. Wọ́n ta ọjà wọn ní iye tí ẹni tí ó fẹ́ rà á bá dá sí i, wọ́n wọ ọkọ̀ gba Togo àti Dahomey, tí à ń pè ní Benin nísinsìn yìí, wọ́n sì dé sí Nàìjíríà tí ó ṣì wà lójú ogun. Ọ̀mọ̀wé Jeremy Eades, ọmọ Gẹ̀ẹ́sì tí ó ń ṣe ìwádìí nípa àwọn Yorùbá ní àríwá Gánà ní àkókò náà, tẹ̀lé wọn wá sí ìlú wọn láti gbọ́ ìtàn wọn. Ìwé tí ó kọ lórí rẹ̀, Strangers and Traders, kò jáde títí di ọdún 1993.

Ẹ jẹ́ kí a wo ohun tí ìbéèrè díẹ̀ ì bá ti mú jáde. Bí ìjọba bá ti gbé òṣìṣẹ́ kan kalẹ̀ ní ọjà Tamale, pẹ̀lú tábìlì àti àga, kí ó máa bi ènìyàn lọ́kọ̀ọ̀kan pé níbo ni a bí ọ, níbo ni a bí ìyá rẹ, ìwé wo ni o ní lọ́wọ́, àwọn wo ni o ń jẹ ní gbèsè, àwọn wo ni ó sì ń jẹ ọ́, ó dájú pé yóò rí àwọn tí òfin 1957 ti sọ di ọmọ Gánà, tí wọn kò sì mọ̀ pé ó yẹ kí àwọn gba ìwé ẹ̀rí. Yóò rí àwọn tí ó yẹ kí wọ́n lọ, ṣùgbọ́n tí oṣù mẹ́ta ì bá tó wọn láti kó ohun ìní wọn jọ. Yóò sì rí àwọn àgbẹ̀ àti oníbàárà, àwọn ọmọ Gánà pàápàá, tí owó wọn wà lọ́wọ́ ẹni tí a fẹ́ lé. Àṣẹ tí a pa fún ogunlọ́gọ̀ lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo kò lè mọ ìyàtọ̀ wọ̀nyí. Bí a bá rán ni níṣẹ́ ẹrú, à fi tọmọ jẹ́ ẹ. Ṣùgbọ́n ẹni tí a rán gbọ́dọ̀ rí àyè tí yóò ti fi tọmọ jẹ́ ẹ. Àṣẹ náà kò fún àwọn òṣìṣẹ́ Gánà ní àyè náà.

Ohun tí ó yani lẹ́nu ni pé kò sí ẹgbẹ́ òṣèlú tí ó yẹ kí ó mọ adùn gbígbọ́ tẹnu ẹni bí ẹgbẹ́ Busia. Ní oṣù kẹjọ ọdún 1957, nígbà tí òmìnira Gánà kò ju oṣù márùn-ún lọ, ìjọba Nkrumah fẹ́ lé Alhaji Amadu Baba, Sárkí Zongo ti Kumasi, àti Alhaji Othman Larden Lalemi jáde kúrò ní ìlú. Àwọn méjèèjì gba ilé-ẹjọ́ lọ, wọ́n ní ọmọ Gánà ni àwọn. Nígbà tí ẹjọ́ ṣì wà níwájú adájọ́, ilé aṣòfin ṣe òfin kan tí ó dárúkọ àwọn méjèèjì, a sì fi ọkọ̀ òfuurufú gbé wọn lọ sí Kano. Àwọn tí ó wà ní ìhà Busia kígbe nígbà náà pé ìyà ni, òtítọ́ ni wọ́n sì sọ. Busia fúnra rẹ̀ sá kúrò nílé ní ọdún 1959 nítorí ìbẹ̀rù irú ìjọba bẹ́ẹ̀. Ọdún mẹ́wàá lẹ́yìn náà, ó wà lórí àga.

Kò sì pẹ́ tí a fi rí i pé kì í ṣe àjèjì nìkan ni ọ̀ràn yìí kàn. Ní oṣù kejì ọdún 1970, ìjọba kan náà fi ìwé lé òṣìṣẹ́ 568 kúrò lẹ́nu iṣẹ́. Ọ̀kan nínú wọn, Ọ̀gbẹ́ni E. K. Sallah, tí ó jẹ́ ọ̀gá ní ilé-iṣẹ́ òwò ti ìjọba, Ghana National Trading Corporation, pe ìjọba lẹ́jọ́. Ní ọjọ́ 20, oṣù kẹrin, ilé-ẹjọ́ gíga jùlọ dá a láre. Ìtumọ̀ ọ̀rọ̀ kan nínú Ìwé Òfin ni ilé-ẹjọ́ fi dá ẹjọ́ náà, kì í ṣe bóyá a gbọ́ tẹnu rẹ̀ tàbí a kò gbọ́. Ṣùgbọ́n Busia bọ́ sórí rédíò, ó ní kò sí ilé-ẹjọ́ tí ó lè fi ipá mú ìjọba òun gba ẹnikẹ́ni sí iṣẹ́. Ẹni tí ó ti rí ọjọ́ mẹ́rìnlá ti Tamale kò ní í sọ pé ohùn náà ṣe àjèjì sí òun.

A gbọ́dọ̀ ṣe òdodo sí àwọn ará Gánà, kí a sọ pé kì í ṣe àwọn ni ó dá èrò yìí sílẹ̀. Inú òfin Gẹ̀ẹ́sì, tí ilé-ẹjọ́ Gánà àti ti Nàìjíríà ń lò, ni ó ti jáde wá. Àwọn adájọ́ Gẹ̀ẹ́sì ti mọ̀ láti ìgbà pípẹ́ pé a kì í gba nǹkan lọ́wọ́ ẹni láìgbọ́ tirẹ̀. Ní ọdún 1723, nígbà tí ilé-ẹ̀kọ́ gíga Cambridge gba oyè lọ́wọ́ Ọ̀mọ̀wé Bentley láìpè é, adájọ́ kan rán wọn létí pé Ọlọ́run pàápàá, tí ó mọ ohun gbogbo, pe Ádámù, ó sì bi í léèrè kí ó tó lé e kúrò nínú ọgbà. Ní ọdún 1863, ilé-ẹjọ́ dá ìgbìmọ̀ àdúgbò Wandsworth ní London lẹ́bi, nítorí pé wọ́n wó ilé ọkùnrin kan láìbi í léèrè ohun kan. Àwa Yorùbá kò nílò kí ẹnikẹ́ni kọ́ wa ní èyí, nítorí pé láti ìgbà ìwáṣẹ̀ ni a ti ń sọ pé agbẹ́jọ́ ẹnìkan dá, àgbà òṣìkà ni.

Àwọn ará Èkó pẹ̀lú ní ẹ̀rí tiwọn. Ní ọdún 1925, ìjọba Gẹ̀ẹ́sì rọ Ọba Èṣùgbàyí Elékò lóyè, wọ́n sì gbé e lọ sí Ọ̀yọ́. Elékò kò gbà. Ó ti ilé-ẹjọ́ dé ilé-ẹjọ́ títí ẹjọ́ náà fi dé iwájú ìgbìmọ̀ àwọn adájọ́ ọba ní London. Ní ọdún 1931, ìgbìmọ̀ náà sọ pé ilé-ẹjọ́ gbọ́dọ̀ wádìí: ṣé olóyè ni ọkùnrin náà ní tòótọ́, ṣé a rọ̀ ọ́ lóyè ní tòótọ́, ṣé àṣà ìbílẹ̀ sì sọ pé kí ó kúrò ní ìlú? Ọ̀rọ̀ ẹnu gómìnà kò tó ẹ̀rí lórí nǹkan wọ̀nyí. Elékò padà sí Èkó ní ọdún náà.

Ṣùgbọ́n ìgbìmọ̀ adájọ́ kan náà yìí, ní ọdún 1950, ni ó dá ẹjọ́ tí ó dun àwọn oníṣọ́ọ̀bù káàkiri ilẹ̀ tí Gẹ̀ẹ́sì ń ṣàkóso. Ní erékùṣù Ceylon, tí à ń pè ní Sri Lanka nísinsìn yìí, aṣọ ṣọ̀wọ́n lẹ́yìn ogun Hitler, kúpọ́ọ̀nù ni a sì fi ń rà á. Kò sí ẹni tí ó lè tà á bí kò bá ní láísẹ́ǹsì. Ọ̀gá tí ìjọba fi ṣe olórí ọ̀ràn aṣọ, Jayaratne, fura sí oníṣòwò kan, Nakkuda Ali, lórí ìṣirò kúpọ́ọ̀nù rẹ̀. Ó kọ̀wé sí i, ọkùnrin náà fèsì, ọ̀gá sì gba láísẹ́ǹsì rẹ̀. Nígbà tí ẹjọ́ dé London, àwọn adájọ́ sọ ohun méjì. Èkíní dára: wọ́n ní kò tó kí ọ̀gá kàn wí pé òun gbà gbọ́ pé ẹnì kan kò yẹ, ìdí gidi gbọ́dọ̀ wà nílẹ̀ tí ènìyàn lè rí. Èkejì ni ó ba nǹkan jẹ́: wọ́n ní gbígba láísẹ́ǹsì kì í ṣe ìdájọ́, àǹfààní tí ìjọba fúnni ni ó kàn ń gbà padà, nítorí náà kò pọn dandan kí ó ṣe bí adájọ́ ti ń ṣe.

Ní ọdún 1953, àwọn adájọ́ ní London tún sọ ohun kan náà fún awakọ̀ takisí kan tí ọlọ́pàá gba láísẹ́ǹsì rẹ̀, tí wọn kò sì jẹ́ kí ẹlẹ́rìí rẹ̀ sọ̀rọ̀. Wọ́n ní láísẹ́ǹsì kò ju ìyọ̀ǹda lọ. Ẹni tí ó ní ilẹ̀, ẹni tí ó ní oyè, ẹni tí ó ní ilé, òfin ń sọ pé kí a gbọ́ tiwọn. Ẹni tí ó jẹ́ pé ìwé ọwọ́ rẹ̀ nìkan ni ó fi ń jẹun, ó di ẹni tí ń tọrọ àánú. Lójú tiwa, ibí yìí ni wọ́n ti ṣìnà, nítorí pé tálákà ni láísẹ́ǹsì máa ń jẹ́ ohun ìní fún. Ọlọ́rọ̀ ní ohun mìíràn tí yóò tà.

Ní ọdún 1963 ni ilé-ẹjọ́ tí ó ga jùlọ ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì bẹ̀rẹ̀ sí tún un ṣe, nínú ẹjọ́ ọ̀gá ọlọ́pàá Brighton, Charles Ridge, tí ìgbìmọ̀ ìlú lé kúrò lẹ́nu iṣẹ́ láìgbọ́ tẹnu rẹ̀. Lord Reid bá ìdájọ́ ti Ceylon wí níbẹ̀. Ó ní bí agbára tí a fún ẹnì kan bá lè mú nǹkan kúrò lọ́wọ́ ẹlòmíràn, ohun tí agbára náà lè ṣe sí i ni a ó wò, kì í ṣe orúkọ tí a pè é. Ní Nàìjíríà, ní ọdún 1968, ilé-ẹjọ́ gíga jùlọ fagi lé ìyà tí ìgbìmọ̀ àwọn dókítà fi jẹ Dókítà Denloye, nítorí pé wọn kò fún un ní àkọsílẹ̀ ẹ̀rí tí a jẹ́ lòdì sí i. Nígbà tí yóò fi di ọdún 1969, nígbà náà, ẹnikẹ́ni ní Accra tí ó bá mọ òfin ti mọ ibi tí afẹ́fẹ́ ń fẹ́ sí. Gánà tilẹ̀ ní Ìwé Òfin tuntun tí ó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní oṣù kẹjọ ọdún náà. Inú rẹ̀ ni ọ̀rọ̀ wà pé ẹni tí a bá fún ní agbára láti ṣe bí ó ti tọ́ lójú rẹ̀ gbọ́dọ̀ lò ó pẹ̀lú òdodo. Oṣù mẹ́ta kò tíì pé tí àṣẹ ọjọ́ mẹ́rìnlá fi jáde.

Àwọn kan nínú àwọn ará wa rí ìwé ìgbélùú gbà, wọ́n sì rò pé àwọn ti yọ. Ní ọdún 1970 ni ilé aṣòfin Gánà ṣe òfin tí ó gbé òwò ọmọ ìlú lárugẹ, Òfin 334, ó sì sọ òwò inú ọjà àti ṣọ́ọ̀bù kéékèèké di ti ọmọ Gánà nìkan. Ìwé ìgbélùú wà lọ́wọ́ wọn, ṣùgbọ́n ìsọ̀ ti kúrò. Èyí, ní tòótọ́, ni ó sún mọ́ ohun tí ó yẹ kí ó ṣẹlẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀, nítorí pé òfin ni, a jíròrò rẹ̀ ní gbangba, ó sì ní ọjọ́ tí yóò bẹ̀rẹ̀. Ẹni tí ó bá lọ nítorí rẹ̀ lè sunkún, ṣùgbọ́n kò lè sọ pé òru ni ó bá òun.

Bí ẹnikẹ́ni bá ń rò pé gbígbọ́ tẹnu oníṣòwò kékeré kò lè yí nǹkan kan padà, kí ó gbọ́ ti ọkùnrin kan tí ń tajà ní ọjà Barnsley ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Ọdún mẹ́fà ni ó ti ń tajà níbẹ̀. Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kan ní ọdún 1974, lẹ́yìn tí ọjà tú, tí wọ́n sì ti ti ilé ìtọ̀, ó yà sí kọ̀rọ̀, ó tọ̀. Òṣìṣẹ́ ìgbìmọ̀ ìlú rí i, wọ́n jọ sọ òkò ọ̀rọ̀ síra wọn, ọ̀gá ọjà sì gba láísẹ́ǹsì rẹ̀ títí ayé. Nígbà tí ìgbìmọ̀ jókòó láti gbọ́ ẹ̀bẹ̀ rẹ̀, ọ̀gá ọjà tí ó fi í sùn wà pẹ̀lú wọn nínú yàrá nígbà tí wọ́n ń gbèrò, òun kò sì sí níbẹ̀. Ní ọdún 1976, ilé-ẹjọ́ tí Lord Denning jókòó sí fagi lé e. Ó ní ẹ̀tọ́ tí olùtajà ní láti ná ọjà kì í ṣe ohun tí a lè já gbà láìsí ìdí tí ó tọ́ àti láìgbọ́ tirẹ̀, àti pé ìyà náà ju ẹ̀ṣẹ̀ lọ. Gbogbo èyí nítorí ìtọ̀! Àwọn ará Tamale kò tọ̀ sí kọ̀rọ̀ ẹnikẹ́ni.

Ó yẹ kí àwa náà wo ilé ara wa. Ní ọjọ́ 17, oṣù kìíní, ọdún 1983, ìjọba Alhaji Shehu Shagari ní kí àjèjì tí kò ní ìwé jáde kúrò ní Nàìjíríà, ọjọ́ mẹ́rìnlá náà sì ni ìjọba fún ọ̀pọ̀ nínú wọn. Àwọn ọmọ Gánà ni ó pọ̀ jùlọ, wọ́n sì lé ní mílíọ̀nù kan. Ọ̀nà Togo àti Benin tí àwọn ará Ògbòmọ̀ṣọ́ gbà bọ̀ ni àwọn náà gbà lọ, pẹ̀lú báàgì onílà tí a fi orúkọ wọn pè títí di òní, tí a sì sọ di ẹ̀fẹ̀. Àdéhùn pé kí ọmọ ìwọ̀-oòrùn Áfíríkà lè máa rìn káàkiri ilẹ̀ ara wọn ti wà nílẹ̀ láti ọdún 1979. Kò sí tábìlì, kò sí àga, kò sí ẹni tí ó bi wọ́n léèrè ibi tí a bí ìyá wọn sí.

Ìwé Òfin tí Gánà gbà ní ọdún 1992 sọ̀rọ̀ yìí ní ibi méjì. Ìlà 296 ní ẹni tí ó ní agbára láti yàn bí ó ti wù ú gbọ́dọ̀ ṣòdodo, kò sì gbọdọ̀ lò ó pẹ̀lú ìkórìíra tàbí ojúsàájú. Ìlà 23 ní gbogbo òṣìṣẹ́ ìjọba gbọ́dọ̀ ṣe ohun tí ó tọ́ tí ó sì bọ́gbọ́n mu. Ní ọdún 2004, ilé-ẹjọ́ gíga jùlọ lo ìlà 23 láti dá àwọn akẹ́kọ̀ọ́ kan láre, nígbà tí àjọ ìdánwò ìwọ̀-oòrùn Áfíríkà fagi lé èsì wọn láìpè wọ́n kí wọ́n wá sọ tiwọn. Lẹ́yìn náà ni òfin ọdún 2013 dé, tí ó tún fi òwò inú ọjà pamọ́ fún ọmọ Gánà, tí ó sì béèrè mílíọ̀nù kan dọ́là àti ogún òṣìṣẹ́ ọmọ Gánà lọ́wọ́ àjèjì tí ó bá fẹ́ ra ọjà tà. Ní ọdún 2019 àti 2020, a fi àgádágodo ti ọ̀pọ̀ ìsọ̀ àwọn ọmọ Nàìjíríà pa ní Kumasi àti ní Accra. Nígbà mìíràn, kì í ṣe òṣìṣẹ́ ìjọba ni ó mú kọ́kọ́rọ́ lọ́wọ́, ẹgbẹ́ àwọn oníṣòwò ìlú fúnra wọn ni. Àwọn tí a ti ìsọ̀ wọn lè má ní mílíọ̀nù kan dọ́là. Ṣùgbọ́n ìlà 23 fún ẹni tí ìpinnu òṣìṣẹ́ ìjọba bá dùn ní ẹ̀tọ́ láti gba ilé-ẹjọ́ lọ. Ọ̀rọ̀ tí àwọn tí ó kọ ọ́ lò níbẹ̀ ni “ẹni”. Wọn kò kọ “ọmọ Gánà”.